Agbá-họ́kì kan, kíláàbù méjìlá: ìbéèrè àti ìdáhùn nípa eléré alárìnká

Nínú bọ́ọ̀lù tí a mọ̀, bí eléré bá ń ti kíláàbù kan bọ́ sí òmíràn ní gbogbo ìgbà, a máa ń ní nǹkan kan ń ṣe é ni: bóyá oníwàhálà ni, bóyá ẹsẹ̀ rẹ̀ ti rọ. Mike Sillinger, ọmọ ìlú Regina ní Kánádà, gbá họ́kì orí yìnyín fún kíláàbù 12 nínú NHL, líìgì tó ga jù lọ ní Amẹ́ríkà àti Kánádà. Kò sí ẹlòmíràn tó tíì gbá fún kíláàbù tó tó bẹ́ẹ̀ níbẹ̀. Síbẹ̀, ìdíje 1,049 ló gbá, ó sì gbá góòlù 240 wọlé. Bí kò bá dáa, kí ni kíláàbù 12 fẹ́ fi ṣe? Bó bá sì dáa, kí ló dé tí wọn kò dì í mú?

Ẹ kọ́kọ́ ṣàlàyé eré yìí fún ẹni tí kò wò ó rí.

Eléré mẹ́fà-mẹ́fà ló ń wà lórí yìnyín, gólì wà nínú wọn. Bàtà onírin ni wọ́n fi ń yọ̀ kiri, igi ọwọ́ wọn ni wọ́n sì fi ń gbá rọ́bà dúdú pẹrẹsẹ kan tó ń jẹ́ puck. Ìdíje 82 ni kíláàbù kọ̀ọ̀kan fi ọdún pípẹ́ gbá ní sáà kọ̀ọ̀kan kí playoff, ìyẹn ìdíje ìparí sáà tí wọ́n fi ń du ife Stanley Cup, tó bẹ̀rẹ̀. Eré náà yára débi pé eléré kì í sábà lò tó ìṣẹ́jú kan lórí yìnyín kó tó sáré lọ jókòó, kí ẹlòmíràn sì fò wọlé, láìdúró de fèrè. Ogún ènìyàn ló ń wọ aṣọ kíláàbù lálẹ́ ọjọ́ ìdíje, gbogbo wọn ló sì ń níṣẹ́ ṣe, àfi gólì kejì. Ọwọ́ ọmọdé ò tó pẹpẹ, t'àgbàlagbà ò wọ kèrègbè. Ẹni tó mọ góòlù gbá wọlé kò lè dá a ṣe, ó di dandan kí ẹnì kan wà tí yóò bá a gba puck náà.

Ṣé òótọ́ ni pé wọ́n lè gbé ènìyàn fún kíláàbù mìíràn láì bi í léèrè?

Òótọ́ ni, ibẹ̀ gan-an sì ni eré wọn ti yàtọ̀ sí Premier League. Bí Arsenal bá fẹ́ ra eléré, kíláàbù tó ni ín gbọ́dọ̀ gbà, eléré fúnra rẹ̀ náà gbọ́dọ̀ gbà. Bó bá ní òun ò lọ, ọ̀rọ̀ parí. Nínú NHL, ìwé àdéhùn ni wọ́n ń gbé, eléré á sì tẹ̀ lé ìwé rẹ̀. Owó rẹ̀ kò yí padà, ọjọ́ tí àdéhùn máa parí kò yí padà, ìlú nìkan ló yí padà. Àwọn tí orúkọ wọn ti ròkè ló sábà máa ń rí i gbà kí wọ́n kọ ọ́ sínú àdéhùn pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gbé wọn lọ láìgba àṣẹ wọn.

Wọn kì í sábà san owó síra wọn bíi ti bọ́ọ̀lù. Eléré ni wọ́n ń fi gba eléré, tàbí kí wọ́n fi ipò kan nínú draft gbà á, ìyẹn ọjọ́ tí àwọn kíláàbù ń tò tẹ̀ léra láti yan àwọn ọ̀dọ́ tó ń bọ̀. Ní 1998, ipò kan péré nínú draft ni Vancouver gbà lọ́wọ́ Philadelphia tí wọ́n fi yọ̀ǹda Sillinger. Ní 2001, Florida gbé e fún Ottawa, ohun tí wọ́n sì kọ sílẹ̀ pé àwọn gbà kò ju pé kí wọ́n jọ ro ó lọ́jọ́ iwájú. Ẹ wo bí ó ṣe máa rí létí ẹni, kéèyàn gbọ́ pé iye tí òun tó nìyẹn!

Èyí tó ya èmi lẹ́nu jù ni ti ọjọ́ 22 oṣù keje 2003. Columbus gbé e fún Dallas, Dallas sì gbé e fún Phoenix lọ́jọ́ kan náà. Kò wọ aṣọ Dallas rí, wọn ò sì ka Dallas mọ́ àwọn 12 yẹn. Oṣù karùn-ún ọdún náà ni wọ́n bí ọmọ rẹ̀ Cole ní Columbus. Ẹ ro ti ìyá ọmọ tuntun wò: Texas tí Dallas wà ni wọ́n kọ́kọ́ ní, wọ́n tún ní Arizona tí Phoenix wà ni.

Kí ló dé tí kíláàbù tó kọ́kọ́ mú un kò fi dì í mú sọ́dọ̀?

Detroit ló mú un, ní ipò 11 nínú draft 1989, ipò tí wọ́n ń retí ohun ńlá lọ́wọ́ ẹni tó bá wà níbẹ̀. Àmọ́ nínú draft kan náà, Detroit tún mú Nicklas Lidström ní ipò 53 àti Sergei Fedorov ní ipò 74. Ẹni àárín, ìyẹn ẹni tó ń gbá láàárín níwájú, ni Sillinger, ẹni àárín ni Fedorov, Steve Yzerman tó jẹ́ kápítéènì kíláàbù náà, ẹni àárín ni. Sillinger ni wọ́n kọ́kọ́ pè lọ́jọ́ náà, ṣùgbọ́n kóòṣì wo ni yóò ní kí Fedorov jókòó nítorí rẹ̀? Ní 1995 wọ́n gbé e lọ sí Anaheim.

Kí wá ni iṣẹ́ tó mọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí gbogbo wọn fi ń wá a?

Iṣẹ́ kékeré tí àwọn tó ń wò ó lórí tẹlifíṣọ̀n kì í kà sí. Nígbàkígbà tí eré bá dúró, rẹfirí á di puck mú lókè àmì kan lórí yìnyín. Ẹni àárín méjì á bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, orí wọn á fẹ́rẹ̀ẹ́ kanra, abẹ́ igi wọn á wà nílẹ̀. Rẹfirí á já a sílẹ̀, kí ẹ sì tó ṣẹ́jú, ọ̀kan nínú wọn ti fi ọrùn ọwọ́ fà á sẹ́yìn fún ẹni tó wà lẹ́yìn rẹ̀. Èyí máa ń ṣẹlẹ̀ ní ohun tó lé ní 50 ìgbà nínú ìdíje kan. Kíláàbù tó bá ń pàdánù rẹ̀ á máa fi gbogbo alẹ́ lé puck kiri. Sillinger mọ̀ ọ́n ṣe dáadáa. Ó sì tún wà lára àwọn tí wọ́n máa ń gbé wọlé nígbà tí rẹfirí bá ní kí ẹnì kan lọ jókòó fún ìṣẹ́jú méjì torí ìwà àìtọ́, tí mẹ́rin á wá kojú márùn-ún.

Ẹ jẹ́ ká wá wo mẹ́fà lára àwọn ìgbà tí wọ́n gbé e. Oṣù kẹta 1996, láti Anaheim sí Vancouver. Oṣù kejì 1998, sí Philadelphia. Oṣù kẹta 2000, láti Tampa Bay sí Florida. Oṣù kẹta 2001, sí Ottawa. Oṣù kẹta 2004, láti Phoenix sí St. Louis. Oṣù kìíní 2006, láti St. Louis sí Nashville. Sáà ti ń lọ sópin nígbà wọ̀nyí, ọjọ́ tí wọ́n máa ti ilẹ̀kùn pàṣípààrọ̀ sì ń sún mọ́lé. Kò sí ọ̀kan nínú àwọn kíláàbù tó yọ̀ǹda rẹ̀ yìí tó dé playoff lọ́dún náà. Gbogbo àwọn tó gbà á ló dé ibẹ̀. Lójú tèmi, ìdáhùn ìbéèrè náà nìyí. Ẹni tó ti gbà pé sáà òun ti bàjẹ́ ni kò nílò ọkùnrin yìí mọ́, ẹni tó ń bọ̀ wá du ife ló sì ń sáré wá a. Wọn kì í lé e, wọ́n ń wá a ni.

Ẹ̀rí rẹ̀ tó lágbára jù wà nínú sáà 2005–06. Góòlù 32 ló gbá, kò gbá tó bẹ́ẹ̀ rí, ó sì ti pé ọmọ ọdún 34. Ó ti gbá 22 nínú rẹ̀ fún St. Louis kí wọ́n tó gbé e lọ, nítorí pé ìdí tábìlì ni St. Louis wà. Àárín sáà tó dára jù lọ láyé rẹ̀ ni wọ́n ti ní kó di ẹrù.

Owó ńkọ́?

Fún ẹni tó bá dúró nínú NHL, owó wà. Ní sáà 2024–25, ẹni tó gba owó tó kéré jù lọ ń gba dọ́là 775,000. Àmọ́ líìgì AHL wà nísàlẹ̀ rẹ̀, líìgì ECHL sì wà nísàlẹ̀ ìyẹn. Ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ ló ń fọwọ́ sí àdéhùn olójú méjì: iye kan fún ọjọ́ tí ó bá wà lókè, iye tó kéré sí i gan-an fún ọjọ́ tí wọ́n bá dá a padà sísàlẹ̀. Ní ECHL, ọ̀sẹ̀ ọ̀sẹ̀ ni wọ́n ń sanwó, kíláàbù ló sì ń wá ilé fún eléré.

Ṣé a ní ẹnì kan níbẹ̀?

A ní. Jarome Iginla, tí wọ́n bí ní Edmonton ní 1977, ọmọ Yorùbá ni bàbá rẹ̀, Adékúnlé sì wà lára orúkọ rẹ̀. Ipò 11 ni wọ́n mú òun náà, ní 1995. Dallas ló mú un, wọ́n sì ti gbé e fún Calgary kí ọdún náà tó parí, kó tó gbá ìdíje kan ṣoṣo nínú NHL. Calgary dì í mú títí di 2013. Góòlù 625 ló gbá lápapọ̀. Nígbà tí ọjọ́ ń lọ, òun náà bẹ̀rẹ̀ sí í rìn, Pittsburgh, Boston, Colorado, Los Angeles, ó ń wá ife Stanley Cup tí kò gbà rí. Kò rí i gbà. Kyle Okposo, tí bàbá rẹ̀ jẹ́ ọmọ Nàìjíríà, rí tiẹ̀: Buffalo gbé e fún Florida ní oṣù kẹta 2024, ní oṣù kẹfà ó gba ife náà, ó sì fẹ̀yìn tì lọ́dún yẹn.

Ọ̀nà tí Akim Aliu gbà le jù. Nàìjíríà ni wọ́n bí i sí ní 1989, ọmọ Ukraine ni ìyá rẹ̀. Chicago mú un nínú draft 2007, ṣùgbọ́n ìdíje 7 péré ló gbá nínú NHL, fún Calgary. Àwọn líìgì ìsàlẹ̀ ló ti lo èyí tó pọ̀ jù, ó dé Austria, ó dé Czech. Ní 2019 ó sọ ọ́ síta pé kóòṣì kan ti fi ọ̀rọ̀ ẹ̀lẹ́yàmẹ̀yà bú òun nígbà tí òun ṣì kéré nídìí iṣẹ́ náà. Kóòṣì ọ̀hún, Bill Peters, ń darí Calgary nígbà náà, ó kọ̀wé fipò sílẹ̀ láàrin ọjọ́ díẹ̀. Ẹ rò ó wò: eléré tí ẹnikẹ́ni lè gbé lọ lọ́la, báwo ló ṣe fẹ́ fẹjọ́ kóòṣì sùn?

Níbo ni Sillinger parí sí?

New York Islanders, kíláàbù kejìlá. Ìwé ọdún mẹ́ta ló fọwọ́ sí ní 2006, ó gbá góòlù 26 ní sáà àkọ́kọ́, ìbàdí rẹ̀ wá dá a dúró. Ó fẹ̀yìn tì ní 2009. Cole tí wọ́n bí sí Columbus, Columbus ló mú un nínú draft 2021.

Bí mo bá fẹ́ máa wo eré yìí, báwo ni mo ṣe máa dá irú eléré bẹ́ẹ̀ mọ̀?

Ẹ má wo ẹni tó ń gbá góòlù. Ẹ dúró di ìgbà tí ó bá ku bí ìṣẹ́jú kan, tí ẹgbẹ́ kan ń fi góòlù kan ṣíwájú, tí rẹfirí sì fẹ́ já puck sílẹ̀ nítòsí ilé wọn. Ẹ wo ẹni tí kóòṣì pè dìde lórí bẹ́ńṣì. Lẹ́yìn náà, ẹ lọ wo iye kíláàbù tó ti gbá fún.