Awùsá, Obì àti Orógbó: Kí Ni Orúkọ Sáyẹ́ǹsì Ewéko Ń Sọ?

Ẹni tí ó bá fẹ́ pe awùsá ní èdè Gẹ̀ẹ́sì, walnut ni yóò pè é. Ṣùgbọ́n bí ó bá fi ọ̀rọ̀ yìí wá àwòrán lórí íntánẹ́ẹ̀tì, igi ńlá kan tí kò bá awùsá tan rárá ni yóò kọ́kọ́ rí. Awùsá kì í tilẹ̀ ṣe igi. Ìtàkùn tí ń gun orí igi onígi ni. Ohun tí ó ya àwọn méjèèjì sọ́tọ̀ láìsí àríyànjiyàn ni orúkọ sáyẹ́ǹsì wọn: ìtàkùn awùsá ń jẹ́ Plukenetia conophora, igi walnut sì ń jẹ́ Juglans regia.

Orúkọ sáyẹ́ǹsì ni orúkọ ọlọ́rọ̀ méjì tí àwọn onímọ̀ ewéko níbi gbogbo fi ń pe ewéko kan náà, èdè yòówù tí wọn ìbáà máa sọ. Ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ jẹ́ ti ìran tí ewéko náà ti wá, lẹ́tà ńlá ni a sì fi ń bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Ọ̀rọ̀ kejì ni ó ń tọ́ka sí ẹ̀yà kan pàtó nínú ìran náà, lẹ́tà kékeré ni tirẹ̀. Carl Linnaeus, ọmọ ilẹ̀ Sweden, ni ó fi ẹsẹ̀ ètò yìí múlẹ̀ nínú ìwé rẹ̀, Species Plantarum, tí ó jáde ní ọdún 1753. Kí ó tó dé, orúkọ ewéko kan lè gùn tó odindi gbólóhùn Látìn, nítorí pé àpèjúwe ewé, igi àti òdòdó rẹ̀ ni wọ́n ń kó pọ̀ di orúkọ.

Obì ni ó jẹ́ kí èyí yé ènìyàn jù lọ. Gbànja ni Cola nitida, obì àbàtà sì ni Cola acuminata. Ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ tí wọ́n jọ ń jẹ́ fi hàn pé ìran kan náà ni wọ́n. Nitida túmọ̀ sí èyí tí ń dán, acuminata sì túmọ̀ sí èyí tí orí rẹ̀ ṣe ṣóńṣó, ṣùgbọ́n ẹni tí obì méjèèjì wà lọ́wọ́ rẹ̀ kò níí wo dídán tàbí ṣóńṣó kí ó tó mọ̀ wọ́n: awẹ́ méjì péré ni gbànja máa ń là sí, nígbà tí àbàtà máa ń ní mẹ́ta, mẹ́rin tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní tèmi, iye awẹ́ ni ìbá dára kí wọ́n fi sọ wọ́n lórúkọ.

Orógbó wá ńkọ́? Garcinia kola ni. Kola yìí wà ní ipò kejì, kò sì sọ orógbó di ìbátan obì, nítorí ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ ni a fi ń mọ ìran. Àwọn tí ń pe orógbó ní “kola kíkorò” ní èdè Gẹ̀ẹ́sì ni ó da ọ̀rọ̀ rú. Yorùbá kò pe orógbó ní obì rí.

Ìbátan obì tòótọ́ wà níbi tí ojú kò lérò. Lókè orúkọ ìran ni orúkọ ẹbí wà, ẹbí obì sì ni Malvaceae, tí òwú, ilá, kòkó àti òdòdó hibiscus jọ wà nínú rẹ̀. Hibiscus tí a sábà máa ń gbìn fún ẹwà, Hibiscus rosa-sinensis, ní ewé òdòdó ńláńlá márùn-ún. Òdòdó obì kò ní irú ewé bẹ́ẹ̀ rárá. Èèpo tí ó bo òdòdó náà kí ó tó là ni ó ń tú ká bí ìràwọ̀, tí ènìyàn sì ń rò pé ewé òdòdó ni. Rosa-sinensis túmọ̀ sí “rósì ilẹ̀ Ṣáínà”, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe rósì.

Nígbà mìíràn, ọ̀rọ̀ kejì a máa sọ òótọ́ gan-an. Nucifera, nínú Cocos nucifera tí í ṣe àgbọn, túmọ̀ sí èyí tí ń so èso eléèpo líle. Hypogaea, nínú Arachis hypogaea tí í ṣe ẹ̀pà, túmọ̀ sí abẹ́ ilẹ̀: òkè ni òdòdó rẹ̀ ti ń tàn, ṣùgbọ́n lẹ́yìn náà ni igi tẹ́ẹ́rẹ́ kan yóò yọ láti ìdí òdòdó, tí yóò gún ilẹ̀ wọlé, ibẹ̀ ni ẹ̀pà yóò sì ti gbó.

Orúkọ wọ̀nyí lè yí padà bí ìwádìí bá fi hàn pé ìran mìíràn ni ewéko kan ti wá. Nítorí náà, ẹni tí ó bá rí Tetracarpidium conophorum nínú ìwé àtijọ́, awùsá kan náà ni ó ń kà nípa rẹ̀.