Ṣé ẹ̀rọ lè mọ̀ pé èèyàn ń parọ́?

Ọ̀rẹ́ mi kan ní Sùúrùlérè ló gbé ọ̀rọ̀ yìí wá. Àbúrò rẹ̀ tó ti di ọmọ Amẹ́ríkà wáṣẹ́ sí iléeṣẹ́ ìjọba kan níbẹ̀. Wọ́n so wáyà mọ́ ọn lára, wọ́n da ìbéèrè bò ó, wọ́n wá ní ẹ̀rọ náà, tí wọ́n ń pè ní polygraph, sọ pé ó parọ́ nípa oògùn olóró. Ọmọ tí kò fẹnu kan sìgá rí! Àwọn ohun tí ọ̀rẹ́ mi bi mí nìyí.

Báwo lẹ̀rọ yẹn ṣe ń mọ irọ́?

Kò mọ̀ ọ́n. Bí èèyàn ṣe ń mí ló ń wò, àti ìfúnpá ẹ̀jẹ̀, bí ọkàn ṣe ń lù, àti òógùn ìka ọwọ́. Ọlọ́pàá kan tó ń jẹ́ John Larson ló ṣe irú ẹ̀rọ yìí ní Berkeley, ní California, ní 1921. Láti ìgbà náà, kò tíì sẹ́ni tó rí àmì kan lára èèyàn tó jẹ́ ti irọ́ nìkan. Ẹ̀rù ń mú kí àyà já, ìtìjú náà ń ṣe é, ìbínú náà ń ṣe é.

Ẹ wo danfo tí ọlọ́pàá dá dúró ní Ọ̀ṣòdì lóru. Akẹ́kọ̀ọ́ tó gbé láptọ́ọ̀pù dání, tí kò jí nǹkan kan, ọwọ́ rẹ̀ ti ń gbọ̀n. Awakọ̀ tí ìwé ọkọ̀ rẹ̀ kò pé ń bá wọn ṣàwàdà. Ẹ so àwọn méjèèjì mọ́ ẹ̀rọ, kẹ́ ẹ wo ẹni tó máa mú.

Ṣé kò wúlò rárá ni?

N ò sọ bẹ́ẹ̀. Ìgbìmọ̀ onímọ̀ kan ní Amẹ́ríkà, National Research Council, gbé ìwé jáde lórí rẹ̀ ní 2003. Wọ́n ní bó bá jẹ́ pé ọ̀ràn kan pàtó ló ṣẹlẹ̀, tí wọ́n sì ń bi èèyàn nípa rẹ̀, ẹ̀rọ náà sàn ju kéèyàn kàn máa méfò lọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ń ṣàṣìṣe. Ti ìgbanisíṣẹ́ ló le jù. Kò sí ọ̀ràn kankan nílẹ̀. Wọ́n kàn ń ju àwọ̀n sódò ni.

Wọ́n wá ṣe ìṣirò kan. Ká sọ pé òṣìṣẹ́ 10,000 wà, amí 10 sì wà láàárín wọn. Bí wọ́n bá fẹ́ kí ẹ̀rọ mú amí 8, èèyàn 1,606 ló máa bá a lọ, 1,598 nínú wọn ò sì mọwọ́ mẹsẹ̀. Bí wọ́n bá dẹ̀ ẹ́ kó má baà fìyà jẹ aláìṣẹ̀, èèyàn 41 péré ló máa mú: aláìṣẹ̀ 39, amí 2. Amí 8 yòókù á máa bá iṣẹ́ wọn lọ. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ka ibẹ̀ kó tó yé mi pé kì í ṣe ẹ̀rọ nìkan ló lẹ̀bi. Ẹni tí wọ́n ń wá ló kéré jù láàárín èrò. Ẹni tó bá fẹ́ wá olè mẹ́wàá nínú gbogbo èrò ọjà Balógun lọ́sẹ̀ Kérésìmesì, bí ojú rẹ̀ bá ṣì díẹ̀ báyìí, ọgọ́rọ̀ọ̀rún oníbàárà ló máa kó.

Ṣé amí gidi ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ rí?

Aldrich Ames ńkọ́? Òṣìṣẹ́ CIA, iléeṣẹ́ amí Amẹ́ríkà, ni, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ta àṣírí fún Soviet Union ní 1985. Ó yege àyẹ̀wò yìí ní 1986, ó tún yege ní 1991. Ọdún 1994 ni wọ́n tó mú un. Owó wà lára ohun tó tú u fó: òṣìṣẹ́ ìjọba fi kéṣì ra ilé, ó tún ń wa Jaguar. Ní Èkó níbí gan-an, aládùúgbò á ti béèrè.

Kí ló dé tí wọn ò jù ú nù?

Bí owó bá sọnù nílé wa ní Ìsàlẹ̀ Èkó, ìyá àgbà á ki kọ́kọ́rọ́ bọ inú Bíbélì, wọ́n á ní orúkọ olè ni yóò yí i. Kọ́kọ́rọ́ ọ̀hún kì í ráyè yí. Kí wọ́n tó ka Sáàmù tán, ẹni tó mú owó á ti bú sẹ́kún. Iṣẹ́ tí ẹ̀rọ yìí ń ṣe nìyẹn. Ìwé 2003 yẹn pàápàá gbà pé ó ń dẹ́rù bani, ó sì ń mú káwọn kan jẹ́wọ́.

Ẹni tí kò ní nǹkan tó fẹ́ jẹ́wọ́ ló wà nínú wàhálà. Wọ́n ní kí àbúrò ọ̀rẹ́ mi sọ ohun tó ń pa mọ́. Kó má baà jọ alágídí, ó ní ìbátan òun kan ní Mushin máa ń fa igbó. Wọ́n kọ ìyẹn sílẹ̀.

Ṣé òfin wọn gbà á?

Òfin kan tí wọ́n ṣe ní 1988 kà á léèwọ̀ fún ọ̀pọ̀ iléeṣẹ́ aládàáni láti lò ó fáwọn tó ń wáṣẹ́. Ìjọba yọ ara rẹ̀ sílẹ̀ nínú òfin ọ̀hún.

Ṣé kó tún gbìyànjú níbòmíràn?

Kó gbìyànjú. Àmọ́ bí wọ́n bá bi í bóyá ó ti ṣe é rí tí kò yege, kó sọ bẹ́ẹ̀ ni. Ó wà nínú fáìlì. Irọ́ yẹn, wọn ò nílò ẹ̀rọ kankan láti mú un.