Owó adíàfo ni, kì í ṣe owó ìrànwọ́

Láti 29 oṣù karùn-ún 2023, tí Ààrẹ Bọ́lá Tinúbú ti kéde níbi ìbúra rẹ̀ l'Ábújá pé sọ́bsídì epo bẹntiróòlù ti lọ, etí wa ò sinmi. Rédíò kan á ní "owó ìrànwọ́ orí epo", òmíràn á ní "ẹ̀dínwó". Báwo ló ṣe jẹ́ ẹ̀dínwó? Ọlọ́jà ló ń dín owó ọjà, èrè ara rẹ̀ ló sì ń gé. "Sọ́bsídì" kò sọ nǹkan kan fún ẹni tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. "Owó ìrànwọ́" ló wá burú jù: agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá ni. Ta ni wọ́n ràn lọ́wọ́? Ìjọba ní onífàyàwọ́ àti olówó ni. Ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ NLC ní mẹ̀kúnnù ni. Ohun tí wọ́n ń jà lé lórí gan-an nìyẹn.

Nígbà náà, àfo ló wà láàárín iye tí epo fi gúnlẹ̀ sí èbúté àti iye tí wọ́n ń tà á nílé epo. Owó tí ìjọba fi ń dí i ni mò ń pè ní owó adíàfo. Ẹ fi wé dáńfó tó yẹ kó gba ₦500, àmọ́ tí èrò ń san ₦200, tí ẹnìkan ní gáréèjì sì ń ka ₦300 tó kù fún awakọ̀. Èrò ò fojú kan ₦300 yẹn. Awakọ̀ ló ń gbà á, òun náà ló sì ń sọ iye èrò tó gbé.

Àwọn kan ní Tinúbú kù gìrì ṣe é. Ó lè rí bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n Atiku àti Peter Obi tí wọ́n bá a du ipò náà ti sọ pé àwọn á yọ ọ́, owó sọ́bsídì tó wà nínú ìṣúná tí Buhari fi sílẹ̀ ò sì kọjá oṣù kẹfà. Èyí tó yẹ kí wọ́n bínú sí ni ohun tó tẹ̀ lé e: ní 14 oṣù kẹfà, Báńkì Àpapọ̀ tú náírà sílẹ̀ kó máa bá ọjà lọ. Dọ́là la fi ń ra epo wọlé. Bí náírà bá ti já wálẹ̀, àfo á fẹ̀ sí i, kódà bí iye epo lágbàáyé ò bá yí padà. L'Ábújá, lítà kan tí kò tó ₦200 ti di ₦537 kí wọ́n tó tú náírà sílẹ̀, ó sì di ₦617 lóṣù keje.

Lóṣù kẹjọ 2024, NNPC, iléeṣẹ́ epo ìjọba, ní àwọn ò san sọ́bsídì fún ẹnikẹ́ni, pé ìyàtọ̀ láàárín iye tí epo fi gúnlẹ̀ àti iye tí ìjọba ní kí wọ́n tà á ni àwọn ń gbé. Àfo wo tún ni mo ń wí? Lóṣù tó tẹ̀ lé e, lítà kan l'Ábújá di ₦897.