Funfun Ara Ẹja Inú Dígí

Bí ọyẹ́ bá ti ń fẹ́ n'Ìbàdàn tí òru sì tutù, àwọn tó ń sin ẹja inú dígí á bẹ̀rẹ̀ sí í rí funfun wínníwínní lára ẹja, àfi bí ẹni wọ́n iyọ̀ sí i. Ẹja náà á máa họra mọ́ òkúta, á ká lẹ́bẹ́ mọ́ra, oúnjẹ ò ní wù ú jẹ. Òtútù kọ́ ló bí àìsàn yìí. Ó kàn dín agbára ẹja kù ni. Kòkòrò Ichthyophthirius ló ń fà á, ẹja tuntun tí wọ́n kàn dà mọ́ ti àtijọ́ ló sì sábà ń gbé e wọlé.

Nígbà tí kòkòrò yìí wà lábẹ́ awọ ẹja, kò sí oògùn inú omi tó lè kàn án. Ó ń jẹun ni. Tó bá yó, á já bọ́ sísàlẹ̀, á fi nǹkan bo ara rẹ̀, á wá pín, á tún pín, títí ẹyọ kan á fi di ọgọ́rọ̀ọ̀rún. Àwọn ọmọ yìí ló ń lúwẹ̀ẹ́ wá ẹja kiri, ìgbà yẹn nìkan sì loògùn ń rí wọn pa. Bí wọn ò bá rí ẹja láàárín ọjọ́ 2 tàbí 3, wọ́n kú. Nínú omi 26°C, gbogbo ìrìn yìí ò ju bí ọ̀sẹ̀ kan lọ. Omi tútù ló ń fà á gùn.

Ọ̀pọ̀ ń dáwọ́ ìtọ́jú dúró lọ́jọ́ tí ara ẹja bá mọ́. Funfun tó lọ yẹn wà nísàlẹ̀, ó ń bímọ! Ìtọ́jú gbọ́dọ̀ wọ ọ̀sẹ̀ kejì. Iyọ̀ gíráàmù 2 sí lítà kan, ìyẹn 40 sí kẹ́ẹ̀gì lítà 20, ni wọ́n ń yòrò sọ́tọ̀ kí wọ́n tó dà á sí i díẹ̀díẹ̀. Omi tó bá gbẹ kì í gbé iyọ̀ lọ, nítorí náà omi lásán ni wọ́n fi ń dí i. Ewéko inú omi àti ọ̀pọ̀ ẹja tí kò nípẹ́ kì í fẹ́ iyọ̀. Oògùn tí wọ́n ń pè ní malachite green náà ń ṣiṣẹ́, àmọ́ kò gbọ́dọ̀ kan àrọ̀ tí ẹnikẹ́ni máa jẹ.

Ẹja tó ń gbẹ́nu sókè omi yàtọ̀ síyẹn. Bóyá iná ti lọ látòru, pọ́ǹpù sì ti dákẹ́, tàbí oúnjẹ àjẹkù ti jẹrà, ó sì ti kó amóníà, ìyẹn májèlé fún ẹja, sínú omi. Omi ni kí wọ́n pààrọ̀, kí wọ́n fi oògùn sílẹ̀. Lẹ́bẹ́ tó ń jẹrà náà, omi ìdọ̀tí ló sábà ń fà á. Ti ẹja tí ikùn rẹ̀ wú, tí ìpẹ́ rẹ̀ dìde, ó ṣòro kó yè.

Omi ẹ̀rọ láti Aṣéjìrẹ́ tàbí Ẹlẹ́yẹlé ní kílórínì, ó yẹ kó wà nínú ike ìṣísílẹ̀ fún wákàtí 24 kó tó kan ẹja. Omi kànga ò ní in, ṣùgbọ́n afẹ́fẹ́ inú rẹ̀ kì í tó. Dídà á láti garawa kan sí òmíràn léraléra ló ń yanjú ìyẹn.