Ẹ ka àjẹ̀ wọn kí ẹ tó rẹ́rìn-ín

Iṣẹ́ fíìmù àtijọ́ ni mò ń ṣe. Bí mo bá gbé èyí tí àwọn ọmọ yunifásítì ti ń fi ọkọ̀ ojú omi díje síta, ẹ̀rín ni àlejò máa ń kọ́kọ́ bú sí. Ọkùnrin mẹ́jọ ń fi àjẹ̀ gbọ́n omi wìrìwìrì bí ẹni tí oyin ń ta. Ṣé bí wọ́n ṣe ń wakọ̀ láyé ọjọ́un nìyí? Rárá o. Ẹ̀rọ tiwa ló ń sáré.

Kí fíìmù tó lóhùn, ọwọ́ ni wọ́n sábà fi ń yí kámẹ́rà, àwòrán bíi 16 ló sì máa ń wọlé ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Ohùn dé, ó di 24. Ẹni tó bá fi 24 gbé ohun tí wọ́n fi 16 yà, ó ti fi ìdajì lé iyára wọn.

Ti ẹni tó ń rìn lójú títì le, torí ta ló mọ bí kálukú ṣe ń yára rìn? Ti alájẹ̀ kò le rárá. Ikọ̀ ẹlẹ́ni mẹ́jọ tó gbó nínú iṣẹ́ náà, bí ìgbà 30 sí 40 ni wọ́n ń ki àjẹ̀ bọmi ní ìṣẹ́jú kan. Ẹni tó kọjú sí atukọ̀ tó ń darí ọkọ̀ ni mo máa ń tẹjú mọ́, màá máa kà á. Bí mo bá ka 54, irọ́ ni. Mo dá ẹ̀rọ padà sí 16, 54 di 36, àjẹ̀ mẹ́jọ̀ọ̀jọ wá ń wọmi pọ̀ wọ́ọ́rọ́wọ́.

Ẹ má kàn fi 16 ṣòfin o. Ní ọjọ́ 30 oṣù Kẹta 1895 ni ayàwòrán kan, Birt Acres, ya ìdíje yunifásítì Oxford àti Cambridge lórí odò Thames ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, bí oṣù mẹ́sàn-án kí àwọn Lumière, tẹ̀gbọ́n-tàbúrò ará Faransé tó ń ṣe fíìmù, tó gbowó lọ́wọ́ òǹwòran ní Paris. Láyé ìgbà yẹn, ẹ̀rọ fíìmù Edison ará Amẹ́ríkà ń sáré tó àwòrán 40 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Ẹ fi 16 gbé irú rẹ̀, àwọn alájẹ̀ á máa wọ́ bí ìgbín.

Láyé ọjọ́un, ní Poughkeepsie, lẹ́bàá odò Hudson ní Amẹ́ríkà, ọkọ̀ ojú irin máa ń gbé òǹwòran tẹ̀ lé ìdíje. Bí ayàwòrán bá wà nínú irú ọkọ̀ yẹn, tó ń mì jìgìjìgì, ọwọ́ rẹ̀ lè yá níhìn-ín, kó dẹ̀ lọ́hùn-ún. Nítorí náà, mo máa ń ka ìbẹ̀rẹ̀, àárín àti òpin lọ́tọ̀ọ̀tọ̀.

Bó bá jẹ́ YouTube lẹ ti ń wò ó, tó ń sáré, ẹ dín iyára rẹ̀ sí 0.75, kí ẹ tún un kà.