Bí Àìsàn Ṣe Ń Darí Ìfẹ́ àti Àdììtú Nínú Ìtàn Àròsọ Ìbẹ̀rẹ̀ Ọ̀rúndún Ogún

Nínú ìtàn àròsọ tí wọ́n gbé kalẹ̀ sí ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún, àìsàn kì í ṣe ohun tí òǹkọ̀wé kàn bù kún un kí òǹkàwé lè sunkún. Òun ló ń sọ fún olólùfẹ́ méjì pé àkókò ò sí. Òun ló ń ti ilẹ̀kùn mọ́ àwọn tí ì bá ti sá lọ, òun náà ló sì ń bá apànìyàn bo ìdí ikú mọ́lẹ̀. Ẹni tó bá yọ àìsàn kúrò nínú irú ìwé bẹ́ẹ̀ á rí i pé kò sí ohun tó ń dí ìfẹ́ ibẹ̀ lọ́wọ́ mọ́, àdììtú ibẹ̀ á sì tú kí ìwé tó dé ìdajì.

Kì í ṣe èèṣì ni àwọn òǹkọ̀wé fi fẹ́ràn ọdún 1900 sí 1930. Ìgbà náà ni dókítà ti mọ orúkọ àrùn, tó ti mọ ohun tó ń fà á, àmọ́ tí kò ní oògùn rẹ̀ lọ́wọ́. Robert Koch ti fi kòkòrò tó ń fa ikọ́ ife han aráyé ní 1882. Wilhelm Röntgen ṣàwárí ìtànṣán X ní 1895, kò sì pẹ́ tí wọ́n fi ń yẹ ẹ̀dọ̀fóró èèyàn wò láìfi ọ̀bẹ kàn án. Ṣùgbọ́n ó di 1943 kí wọ́n tó rí streptomycin, oògùn àkọ́kọ́ tó kápá kòkòrò ikọ́ ife dáadáa. Fún ohun tó lé ní ogójì ọdún, dókítà lè fi àwòrán àyà aláìsàn han aláìsàn, kó fi ìka tọ́ ibi tó ti jẹrà, kó sì wá sọ fún un pé kó lọ sinmi. Inú àlàfo yẹn ni ìtàn ń gbé.

Ọjọ́ ló ń pinnu ohun gbogbo níbẹ̀. Oṣù Kìíní ọdún 1922 ni wọ́n kọ́kọ́ gún ẹni tó ní ìtọ̀ ṣúgà ní abẹ́rẹ́ insulin, ní ìlú Toronto. Ọmọdé tí àìsàn yìí kọlù nínú ìtàn ọdún 1919 kò ní í pẹ́ kú. Tí òǹkọ̀wé bá sún ìtàn náà síwájú ní ọdún mẹ́rin péré, ọmọ yẹn lè yè, gbogbo ogún tí wọ́n ń jà lé lórí á sì yí padà.

Ibi tí gbogbo nǹkan wọ̀nyí ti máa ń pàdé jù ni ilé ìtọ́jú àwọn oníkọ́ ife, irú èyí tó wà ní Davos lórí òkè Switzerland, àti èyí tí Edward Trudeau dá sílẹ̀ ní Saranac Lake ní ìpínlẹ̀ New York. Dókítà ni Trudeau, ikọ́ náà sì ń bá òun fúnra rẹ̀ fínra. Ìtọ́jú ibẹ̀ kò ju afẹ́fẹ́, oúnjẹ àti ìsinmi lọ. Aláìsàn á dùbúlẹ̀ sórí àga gígùn níta gbangba fún ọ̀pọ̀ wákàtí, àní nígbà tí yìnyín ń bọ́. Wọ́n á fi kúbùsù dì í yíká, á máa mu wàrà, á máa jẹ ẹyin, wọ́n á sì máa ki tẹmómítà bọ̀ ọ́ lẹ́nu léraléra lóòjọ́. Ní ọ̀pọ̀ irú ilé bẹ́ẹ̀, ọ̀tọ̀ ni ibùgbé ọkùnrin, ọ̀tọ̀ ni tobìnrin, wọn kì í sì í fojúure wo ẹni tó bá ń fẹ́ ẹlòmíràn níbẹ̀.

Òǹkọ̀wé kò ní láti dá ọgbọ́n kankan mọ́. Àjèjì ni gbogbo wọn sí ara wọn. Ẹni tó bá fẹ́ yí orúkọ padà lè yí i. Lẹ́tà kò lè wọlé kó má gba ọ́fíìsì kọjá. Tí ẹnì kan bá kú, wọ́n á rọra gbé òkú rẹ̀ jáde lóru kí àyà àwọn tó kù má bàa já. Bí ilẹ̀ bá mọ́, àga kan ti ṣófo, kò sì ní í sí ẹni tó máa béèrè ìdí. Apànìyàn wo ni kò ní í fẹ́ràn irú ilé bẹ́ẹ̀?

Ìfẹ́ ibẹ̀ tún ní ọ̀ràn kan tí kò wọ́pọ̀ níbòmíràn: ìwòsàn ló ń tú olólùfẹ́ ká. Ẹni tí ara rẹ̀ bá tutù gbọ́dọ̀ di ẹrù rẹ̀ kó máa lọ sílé, ẹni tí ibà ò tíì fi sílẹ̀ á sì dúró. Nítorí náà, nọ́ńbà kékeré kan lórí bébà ibà, èyí tí wọ́n ń kọ bí ara aláìsàn ṣe gbóná tó sí, tí wọ́n sì fi kọ́ sí ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì, lè ru odindi orí ìwé kan. Ẹ jẹ́ ká ní obìnrin kan rí i pé ara òun ti balẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ méjì. Kó lè dúró ti ọkùnrin tó wà ní ilé kejì, ó fi tẹmómítà kan ife tíì gbígbóná nígbà tí nọ́ọ̀sì kọ̀yìn. Tẹmómítà ní 38.2, ibà nìyẹn. Nọ́ọ̀sì di ọrùn ọwọ́ rẹ̀ mú, ó bá iṣan ibẹ̀ tó ń lù jẹ́jẹ́ bíi ti ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jí. Nọ́ọ̀sì ò sọ nǹkan kan, ó kọ nọ́ńbà méjèèjì sílẹ̀. Láti orí irọ́ ìfẹ́ yẹn ni yóò ti mọ̀ pé bébà ibà ṣeé purọ́ sí, tí yóò sì bẹ̀rẹ̀ sí í wo bébà ọkùnrin tó kú lóṣù tó kọjá pẹ̀lú ojú mìíràn.

Apá àdììtú ló fẹ́ ìṣọ́ra jù, torí pé àrùn àti májèlé gbọ́dọ̀ jọra. Asẹ́níìkì ló mọ èyí ṣe jù lọ. Ó ń fa èébì, ìgbẹ́ gbuuru àti inú rírun, ohun tí àwọn dókítà ìgbà náà ń rí lójoojúmọ́ nígbà ooru. Kò sì ṣòro rí, torí ó wà nínú bébà tí wọ́n fi ń pa eṣinṣin nínú ilé. Ọ̀ràn Frederick Seddon ní London kọ́ni ju ọ̀pọ̀ ìwé lọ. Eliza Barrow, obìnrin tó háyà yàrá nínú ilé rẹ̀, gbé ohun ìní rẹ̀ lé Seddon lọ́wọ́ kí ọkùnrin náà lè máa san iye owó kan fún un títí tó fi máa kú. Ẹni tó ń san irú owó bẹ́ẹ̀ ló máa jèrè bí ikú bá tètè dé. Ní oṣù Kẹsàn-án 1911, lásìkò ooru tó mú gan-an, obìnrin náà kú. Dókítà kọ ìwé ẹ̀rí ikú pé ìgbẹ́ gbuuru tó ń jà nígboro ló pa á. Kò tilẹ̀ lọ wo òkú náà. Wọ́n ti sin ín kí àwọn ìbátan rẹ̀ tó gbọ́. Ìbéèrè àwọn ìbátan yìí ló jẹ́ kí wọ́n hú òkú jáde ní oṣù Kọkànlá. Dókítà William Willcox, onímọ̀ nípa májèlé, bá asẹ́níìkì nínú rẹ̀, wọ́n sì so Seddon kọ́ ní oṣù Kẹrin 1912.

Bẹ́ẹ̀, láti 1836 ni James Marsh ti gbé ọ̀nà tí wọ́n fi ń dá asẹ́níìkì mọ̀ jáde. Ìmọ̀ ò wọ́n, ẹni tó máa béèrè ló wọ́n. Ìdí rèé tí olùtọpinpin inú irú ìwé yìí kì í fi í sábà jẹ́ ọlọ́pàá. Àfẹ́sọ́nà òkú ni, tàbí àbúrò rẹ̀, tàbí nọ́ọ̀sì tó fẹ́ràn rẹ̀ láìsọ. Ìfẹ́ ló máa ń mú kí èèyàn kọ̀ láti gba ohun tó wà nínú ìwé ẹ̀rí ikú gbọ́.

Nígbà mìíràn, ọ̀daràn ò tilẹ̀ mọ̀ pé ọ̀daràn lòun. Ní 1906, ibà táífọ́ọ̀dù mú èèyàn mẹ́fà nínú mọ́kànlá tó ń gbé ilé kan ní Oyster Bay, ní New York. Wọ́n gbé iṣẹ́ ìwádìí fún George Soper. Ó fura sí omi, ó fura sí wàrà, kò rí nǹkan kan mú. Ìgbà tó béèrè nípa àwọn òṣìṣẹ́ ilé ló gbọ́ pé wọ́n pààrọ̀ alásè kété kí àìsàn tó bẹ̀rẹ̀, alásè náà sì ti lọ. Ó tọ ipasẹ̀ rẹ̀ láti ilé dé ilé, ó sì rí i pé ibi tí Mary Mallon bá ti dáná, ibà á tẹ̀ lé e. Ara obìnrin náà le koko, àmọ́ kòkòrò táífọ́ọ̀dù ń gbé inú rẹ̀. Wọ́n mú un ní 1907, wọ́n fi í sí erékùṣù North Brother, wọ́n tú u sílẹ̀ ní 1910 lórí àdéhùn pé kò ní í dáná fún ẹlòmíràn mọ́. Ní 1915, wọ́n tún bá a nínú ilé ìdáná ilé ìwòsàn àwọn aláboyún, ó ti yí orúkọ padà. Wọ́n dá a padà sí erékùṣù náà, ibẹ̀ ló sì wà títí tó fi kú ní 1938. Òǹkọ̀wé tó bá fún irú alásè bẹ́ẹ̀ ní olólùfẹ́ ti dá ọ̀ràn sílẹ̀, torí obìnrin náà ò ní í gbà láé pé oúnjẹ tóun sè fún un ló dá a dùbúlẹ̀.

Àjàkálẹ̀ fúlú ọdún 1918 kò wúlò tó bí èèyàn ṣe rò. Ó yá jù: ọjọ́ díẹ̀ tó láti pa ẹni tó wà láàárín ogún sí ogójì ọdún, kò sì dá afurasí mọ̀ yàtọ̀ sí olùtọpinpin. Ó dára fún fífi òkú kan pamọ́ sáàárín ọgọ́rùn-ún òkú. Àìmọye òǹkọ̀wé sì ti fi í pa ọkọ tí wọn ò mọ ohun tí wọ́n máa fi í ṣe mọ́.

Ohun tó le jù ni kí òǹkọ̀wé má jẹ́ kí àwọn èèyàn inú ìtàn mọ ju ìgbà wọn lọ. Alexander Fleming rí penicillin, oògùn tó ń pa kòkòrò àrùn, ní 1928, àmọ́ kò dé ọwọ́ mẹ̀kúnnù títí di àwọn ọdún 1940. Àìmọ̀ yìí gan-an ló ń ti ìtàn síwájú. Lẹ́yìn tí Koch ti fi kòkòrò hàn, ọ̀pọ̀ ìdílé ṣì gbà pé inú ẹ̀jẹ̀ ìdílé ni ikọ́ ife ń gbé. Ìyá tó fẹ́ kí ọmọbìnrin rẹ̀ rọ́kọ fẹ́ á pa ohun tó pa ẹ̀gbọ́n ọmọ náà mọ́, á ní jàǹbá ẹṣin ni. Ìdènà ìfẹ́ nìyẹn, àdììtú náà sì nìyẹn. Àṣà àwọn dókítà ìgbà náà tún ń ràn án lọ́wọ́: wọ́n á sọ òótọ́ fún ọkọ, wọ́n á fi bo ìyàwó tó ń ṣàìsàn. Obìnrin kan lè wádìí irọ́ gbogbo ará ilé rẹ̀ tán kó tó mọ̀ pé orí ikú tirẹ̀ ni wọ́n ń pa á lé.

Ó ku ìparí. Aláìsàn ló sábà máa ń jẹ́ ẹlẹ́rìí kan ṣoṣo, nítorí náà àdììtú gbọ́dọ̀ tú kí ikú tó dé, tàbí kí òkú fi nǹkan sílẹ̀. Ìjẹ́wọ́ lórí ibùsùn ikú rọrùn jù, kò sẹ́ni tó lè bi òkú ní ìbéèrè kejì. Lẹ́tà dára jù ú lọ, tí ọjọ́ bá wà lórí rẹ̀, torí òǹkàwé lè gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ bébà ibà. Bí lẹ́tà bá ní ọjọ́ kẹsàn-án oṣù Kejì lórí, tí bébà sì fi hàn pé láti ọjọ́ kẹfà ni ẹni tó ni ín ò ti lè jókòó, ẹlòmíràn ló kọ ọ́.