Àjẹsílẹ̀ owó oṣù àwọn òṣìṣẹ́ báǹkì alájẹṣẹ́kù tí wọ́n lé lọ́nà àìtọ́ ní Íńdíà

Ní orílẹ̀-èdè Íńdíà, ilé-ẹjọ́ lè pàṣẹ pé kí báǹkì san owó oṣù tí òṣìṣẹ́ pàdánù láti ọjọ́ tí wọ́n ti lé e lọ́nà tí kò bófin mu títí di ọjọ́ tí wọ́n dá a padà sẹ́nu iṣẹ́, tàbí títí di ọjọ́ tí ó tó ìfẹ̀yìntì bí ẹjọ́ bá pẹ́ tó bẹ́ẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà díjú ní ti àwọn báǹkì alájẹṣẹ́kù, nítorí òfin méjì ló ń du àṣẹ lórí wọn: òfin ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù tí ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan ṣe fúnra rẹ̀, àti òfin òṣìṣẹ́ tí ó kárí orílẹ̀-èdè. Láti ọjọ́ 1 oṣù Kẹta ọdún 1966 ni òfin báǹkì Íńdíà náà ti ń kan wọn, ṣùgbọ́n ètò ìfowópamọ́ àti owó yíyá ni èyí wà fún, kì í ṣe ẹjọ́ akọ̀wé tàbí akáwó tí wọ́n gba iṣẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Ibi tí a ń gbé ẹjọ́ lọ

Ọ̀pọ̀ òfin ìpínlẹ̀ ló sọ pé Rẹ́jísítírà ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù, ìyẹn òṣìṣẹ́ ìjọba tí ń bójú tó àwọn ẹgbẹ́ náà, ni kí ó parí aáwọ̀ tí ó bá jẹ mọ́ òwò ẹgbẹ́. Ní ọdún 1969, nínú ẹjọ́ báǹkì alájẹṣẹ́kù kan ní Andhra Pradesh, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ pinnu pé awuyewuye lórí owó àti ètò iṣẹ́ òṣìṣẹ́ kì í ṣe ọ̀rọ̀ òwò ẹgbẹ́, pé Rẹ́jísítírà kò sì ní agbára láti yí àdéhùn iṣẹ́ padà bí ilé-ẹjọ́ òṣìṣẹ́ ṣe ní in. Ó fi kún un pé ìlànà abẹ́lé tí báǹkì kọ fún ara rẹ̀ kò ní agbára òfin. Àwọn ìpínlẹ̀ kan, bíi Karnataka, tún òfin wọn ṣe lẹ́yìn náà kí ẹjọ́ òṣìṣẹ́ lè bọ́ sábẹ́ Rẹ́jísítírà. Ní ti Kerala, ìdájọ́ ọdún 2018 kan tí ó kan ilé ìwòsàn alájẹṣẹ́kù sọ pé òṣìṣẹ́ lè yan èyí tí ó wù ú nínú Rẹ́jísítírà àti ilé-ẹjọ́ òṣìṣẹ́. Nítorí náà, ìdájọ́ tí ó gbè òṣìṣẹ́ ní ìpínlẹ̀ kan lè má wúlò fún ẹlòmíràn ní ìpínlẹ̀ kejì.

Kì í ṣe gbogbo ẹni tí ń gba owó oṣù báǹkì ni ilé-ẹjọ́ òṣìṣẹ́ wà fún. Òfin Aáwọ̀ Ẹnu Iṣẹ́ ti ọdún 1947 yọ àwọn ọ̀gá tí ń darí iṣẹ́ sílẹ̀, ṣùgbọ́n iṣẹ́ tí ènìyàn ń ṣe gan-an ni adájọ́ ń wò, kì í ṣe orúkọ oyè rẹ̀. Ọ̀nà tí ó tààrà sí ilé-ẹjọ́ gíga ìpínlẹ̀ kò sì fi bẹ́ẹ̀ ṣí sílẹ̀: ní ọdún 2006, nínú ẹjọ́ Kangra Central Co-operative Bank, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ sọ pé báǹkì náà kì í ṣe apá kan ìjọba, òṣìṣẹ́ rẹ̀ kò sì lè fi ìwé òfin orílẹ̀-èdè pè é lẹ́jọ́ bí ẹni pe ìjọba.

Ìdájọ́ tí ó ti inú báǹkì alájẹṣẹ́kù fúnra rẹ̀ jáde, tí ó sì ran òṣìṣẹ́ lọ́wọ́ jù, ni ti báǹkì ìdàgbàsókè ilẹ̀ kan ní Jaipur, tí adájọ́ márùn-ún jókòó lé lórí ní ọdún 2002. Bí aáwọ̀ kan bá ti wà níwájú ilé-ẹjọ́ òṣìṣẹ́, tí báǹkì sì lé òṣìṣẹ́ tí ọ̀rọ̀ náà kàn nítorí ìwà àìtọ́, ó gbọ́dọ̀ san owó oṣù kan fún un, kí ó sì béèrè ìfọwọ́sí. Bí kò bá béèrè, tàbí tí wọ́n kọ̀ fún un, lílé náà kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ rárá. Ńṣe ni ó dà bí ẹni pé òṣìṣẹ́ náà kò kúrò lẹ́nu iṣẹ́ rí.

Iye owó àti ẹrù ẹ̀rí

Ní ọdún 1978, nínú ẹjọ́ Hindustan Tin Works, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ sọ pé odidi owó ni ó yẹ kí a máa san, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìdá 75 nínú ọgọ́rùn-ún ni òun fúnra rẹ̀ fi parí ọ̀rọ̀ náà. Nígbà tí ó di ọdún 2005, ìdájọ́ kan láti Uttar Pradesh fi í mọ sí ìdá 25. Adájọ́ G. S. Singhvi ti Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ dá ọ̀rọ̀ náà padà sí ìlànà odidi owó ní ọdún 2013: kí òṣìṣẹ́ kọ́kọ́ sọ, tàbí kí ó búra, pé òun kò rí iṣẹ́ mìíràn tí ó mú owó gidi wọlé, lẹ́yìn náà, ọrùn agbanisíṣẹ́ ni ẹrù ẹ̀rí já lé, kí ó fi hàn pé òṣìṣẹ́ náà rí iṣẹ́ bẹ́ẹ̀. Èyí bá òye mu, nítorí ó ṣòro kí ènìyàn fi ẹ̀rí ohun tí kò ṣẹlẹ̀ hàn.

Ká ní akáwó kan ń gba 20,000 rúpìì lóṣù nígbà tí wọ́n lé e, tí ẹjọ́ sì gba ọdún 8. Láìka àfikún ọdọọdún, gbogbo rẹ̀ yóò jẹ́ 1,920,000 rúpìì, ìdá 25 nínú ọgọ́rùn-ún rẹ̀ yóò sì jẹ́ 480,000. Àlàfo yìí ni àwọn agbẹjọ́rò ń jà lé, kódà nígbà tí báǹkì ti gbà pé kí òṣìṣẹ́ padà.

Bí báǹkì bá pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn tako àṣẹ ìdápadà, abala 17B nínú òfin ọdún 1947, tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọdún 1984, ní kí ó máa san iye tí òṣìṣẹ́ gbà kẹ́yìn lóṣooṣù títí ẹjọ́ yóò fi parí, bí òṣìṣẹ́ náà bá ti fi ìwé ìbúra sílẹ̀ pé òun kò níṣẹ́. Òṣìṣẹ́ kì í dá owó yìí padà, báǹkì ì báà jàre nígbẹ̀yìn.

Òfin tuntun ti ọdún 2020, tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ 21 oṣù Kọkànlá ọdún 2025, ti rọ́pò ti ọdún 1947, ó sì dín àkókò tí òṣìṣẹ́ lè fi gbé ẹjọ́ lílé lọ tààrà kù láti ọdún 3 sí ọdún 2. Àwọn ẹjọ́ tí òfin àtijọ́ bí ṣì kún ilé-ẹjọ́. Lábẹ́ òfin àtijọ́ yìí, bí báǹkì bá kọ̀ láti san owó tí wọ́n ti dá lẹ́jọ́, ìjọba ìpínlẹ̀ lè fún aláṣẹ owó-orí ilẹ̀ ní ìwé ẹ̀rí, kí ó gbà á bí ẹni ń gba owó-orí ilẹ̀ tí wọ́n jẹ ìjọba.